Ẹ Ka Ìbánisọ̀rọ̀ Mọ́ Iṣẹ́

Ní 1975, Fred Brooks, ẹni tó darí iṣẹ́ sọ́fítíwíà OS/360 ní IBM, kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ The Mythical Man-Month pé bí a bá fi èèyàn kún iṣẹ́ sọ́fítíwíà tó ti pẹ́ ju àdéhùn, ṣe ni yóò túbọ̀ pẹ́ sí i. Ọ̀rọ̀ sísọ láàárín òṣìṣẹ́ wà lára ohun tó fà á: èèyàn 5 ní ọ̀nà ìbánisọ̀rọ̀ 10 láàárín ara wọn, èèyàn 10 ní 45. Òótọ́ ni. Àmọ́ tí ọ̀gá bá tìtorí èyí ka gbogbo wákàtí òòjọ́ sí ti kóòdù kíkọ nìkan, mi ò fara mọ́ ọn.

Ìdí mi rèé: àjọṣe ń ṣe èèyàn láǹfààní. Ní 2010, olùwádìí Julianne Holt-Lunstad àti àwọn akẹgbẹ́ rẹ̀ kó ìwádìí 148 pọ̀. Wọ́n rí i pé àwọn tí àjọṣe wọn pẹ̀lú èèyàn dán mọ́rán ní àǹfààní àtiwà láàyè tó fi nǹkan bí ìdá 50 nínú ọgọ́rùn-ún ju ti àwọn yòókù lọ. Kì í ṣe ọ́fíìsì ni wọ́n ń ṣèwádìí lé lórí, mo mọ̀. Síbẹ̀, ibi iṣẹ́ ni ọ̀pọ̀ àgbàlagbà ti ń lo ojúmọmọ wọn. Ẹnìkan lè ní ìpàdé ti pọ̀ jù. Ó ti pọ̀ jù lóòótọ́! Ṣùgbọ́n kí èèyàn 12 jókòó máa gbọ́ ìròyìn yàtọ̀ sí kí ẹni méjì jọ yanjú kóòdù kan, kí ẹni tó há sì rí ẹni bi. Irú ìbánisọ̀rọ̀ kejì yìí ni ìṣirò àkókò tó fún pinpin máa ń kọ́kọ́ pa. Bó bá ń gba ọjọ́ kan lọ́sẹ̀, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, kí ẹ sì sọ ọjọ́ tí iṣẹ́ máa parí gan-an fún oníbàárà.