Amọ̀nà Ojú Odò Yewa

Ní ilẹ̀ ààlà tiwa yìí, láti Ìlaròó dé Ayétòrò títí lọ dé Ìmẹ̀kọ, ẹni tó bá mọ ọ̀nà inú igbó jù ni wọ́n kọ́kọ́ ń fura sí. Bí ọ̀dọ́kùnrin kan bá lè gba ojú odò Yewa kọjá lóru láìtan iná, tó mọ ibi tí ilẹ̀ ti le àti ibi tí ẹrẹ̀ ti ń gbé ènìyàn mì, kíá ni wọ́n á ti sọ pé fàyàwọ́ ló ń ṣe. Ṣé ìrẹsì ló ń kó ni àbí epo bẹntiróòlù? Kò sí ẹni tó ń bèèrè pé ta ló kọ́ ọ, tàbí ọdún mélòó ló fi rìn lẹ́yìn bàbá rẹ̀ kí ó tó dá ọ̀nà mọ̀. Ọ̀rọ̀ yìí ti ń dùn mí tipẹ́. Ìgbà tí mo wá fi ara mi lé irú ẹni bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́, tó fi ọkọ̀ gbé wa lọ sísàlẹ̀ odò, tí a sun abà mọ́jú, tí a sì fẹsẹ̀ rin igbó padà, ni mo tó mọ bí ohun tí à ń fi ṣòfò ti pọ̀ tó.

Oṣù Kọkànlá la lọ. Òjò ti ń kásẹ̀ nílẹ̀, odò ṣì kún, ojú ọ̀nà sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í gbẹ. Bó bá jẹ́ àárín òjò ni, omi á ti bo ọ̀nà oko mọ́lẹ̀. Bó bá sì di ọ̀gbẹlẹ̀ pátápátá, ẹ ó máa sọ̀kalẹ̀ ti ọkọ̀ ni. Ebúté Ìgbooro la ti wọkọ̀. Ọkọ̀ ọ̀pẹẹrẹ ni, igi kan ṣoṣo tí wọ́n gbẹ́ nínú, ó gùn, ó tẹ́ẹ́rẹ́, bí ẹ bá yí ọrùn lójijì, yóò kọ́kọ́ bá yín yí. Mo ti rí àwòrán ọkọ̀ kayak tí àwọn òyìnbó fi ń gbafẹ́ lójú omi ní Kánádà àti Amẹ́ríkà. Àwọn Inuit, àwọn ará ilẹ̀ yìnyín ìhà àríwá, ló kọ́kọ́ ṣe é. Awọ ẹran inú òkun ni wọ́n ń nà bo egungun rẹ̀, ọdẹ ni wọ́n sì fi ń ṣe. Lónìí, àwọn ènìyàn ń wọ ọkọ̀ òfúrufú lọ síbẹ̀, wọ́n ń sanwó gidi fún amọ̀nà tí yóò fi ọkọ̀ yẹn mú wọn wọ aginjù lọ sùn. Iṣẹ́ tí bàbá tó tu ọkọ̀ wa ṣe fún wa kò yàtọ̀ sí èyí.

Mi ò ní dárúkọ rẹ̀ níbí, òun náà ló ní kí n má dárúkọ òun. Bàbá la ń pè é, òun sì ń pè mí ní Tíṣà. Ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ kan ló jókòó sí iwájú ọkọ̀ pẹ̀lú ọ̀pá gígùn lọ́wọ́. Kí Bàbá tó ti ọkọ̀ kúrò ní èbúté, ó bẹ̀rẹ̀, ó bu omi sí àtẹ́lẹwọ́, ó fi kan iwájú orí, ó ní, “Yewa, àwọn ọmọ yín rèé o.” Onígbàgbọ́ ni, kì í pa ìsìn ọjọ́ Àìkú jẹ, mi ò sì rí ohun tó ta kora níbẹ̀. Ẹni tó ń jẹun lára odò gbọ́dọ̀ mọ bí wọ́n ṣe ń kí i. Ó kìlọ̀ fún wa pé a kò gbọdọ̀ ri ìkòkò tó dúdú nídìí bọ inú omi, a sì pa á mọ́ títí a fi dé ilé. Ṣebí orúkọ odò yìí ni gbogbo wa ń jẹ́ láti ọdún 1995 tí a ti yí orúkọ Ẹ̀gbádò padà sí Yewa. Mélòó nínú wa ló ti tọwọ́ bọ omi rẹ̀ rí?

Ojú oró ni Bàbá kọ́kọ́ ní kí n máa wò. Mo ti gbọ́ orúkọ òun àti òṣíbàtà nínú ìwúre láti kékeré, mi ò mọ̀ pé ènìyàn lè fi í wa ọkọ̀. Níbi tí ojú oró bá ti ń rìn tààrà, Bàbá ní ibẹ̀ ni omi ti jìn, kí ọkọ̀ tẹ̀ lé e. Níbi tó bá ti ń yí po lójú kan, igi ti wó sí ìsàlẹ̀ ibẹ̀. Bí ó bá sì dúró gbagidi, ẹ yà fún un, ẹrẹ̀ ni. Ó ń sọ̀rọ̀, ó ń fi àjẹ̀ tọ́ ọkọ̀, ojú rẹ̀ kò sì kúrò lójú omi. Nígbà tó yá, ó ní kí ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ dúró, ó nawọ́ sí ẹ̀ka igi kan tó tẹ̀ sínú odò. Màrìwò tí wọ́n ta ní kókó ló wà lára rẹ̀, okùn sì gbabẹ̀ lọ sísàlẹ̀. Ìgèrè ẹnìkan ló wà lábẹ́ omi. Bí wọ́n ṣe ta kókó náà ló fi mọ ẹni tó ni ín. Díẹ̀ síwájú, kókó mìíràn wà, ó yàtọ̀: ti obìnrin opó kan ni, ọmọ rẹ̀ ló ń bá a dẹ ẹ́. Ẹnikẹ́ni kì í fọwọ́ kan ohun olóhun. Gbogbo kọ̀rọ̀ odò ló ní orúkọ: ibi tí ẹja àrọ̀ ń pamọ́ sí, ibi tí ọkọ̀ kan ti dojú dé láyé bàbá rẹ̀, ibi tí àwọn ìyàwó ilé ti ń rẹ ẹ̀gẹ́. Èmi tí mo rò pé mò ń lọ sínú aginjù, ojúde àwọn ẹlòmíràn ni mò ń gbà kọjá.

Ọ̀nà tí à ń sọ yìí kì í ṣe ọ̀nà àná. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1825, Hugh Clapperton, ọmọ ilẹ̀ Scotland, wọ ọkọ̀ ní Àgbádárìgì, ó sọ̀kalẹ̀ nígbà tí omi tán, ó sì forí lé Ọ̀yọ́ Ilé. Ilẹ̀ wa yìí ló gbà. Ìjànnà, nítòsí Ìlaròó, níbi tí ìjòyè tó ń ṣojú Aláàfin ń gbé nígbà náà, wà lára ibi tí wọ́n ti dúró. Ọ̀nà náà kò dẹ̀ wọ́n lára: kí oṣù yẹn tó parí, àìsàn ti pa ọ̀gágun Pearce tó bá Clapperton rìn; Dókítà Morrison, tí òun náà bá a rìn, ṣẹ́rí padà sí ìhà òkun, Ìjànnà ló kú sí. Clapperton dé Ọ̀yọ́ ní oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1826. Ní 1830, Richard Lander tó ti jẹ́ ọmọ ọ̀dọ̀ rẹ̀ tún bá ọ̀nà wa lọ pẹ̀lú àbúrò rẹ̀ John, kí wọ́n tó rí ibi tí odò Ọya ti ń wọ òkun. Clapperton àti àwọn Lander kọ ìwé, orúkọ wọn kò sì parẹ́. Àwọn ará ibí tó tukọ̀ fún wọn, tó ru ẹrù wọn, tó mọ ibi tí omi mímu wà àti abúlé tó lè gbàlejò, a ò mọ ọmọ ẹni tí wọ́n ń ṣe. Láyé ìgbà yẹn pàápàá, amọ̀nà kò níyì lójú ẹni tó ń mú lọ́nà.

Ìrọ̀lẹ́ ti lẹ̀ kí a tó gúnlẹ̀. Abà kan tó jẹ́ ti àna Bàbá la sùn. A jẹ láfún àti ọbẹ̀ ilá pẹ̀lú ẹja àrọ̀ yíyan, a ta nẹ́ẹ̀tì ẹ̀fọn sábẹ́ àjà, a tẹ́ ẹní. Láti ọ̀nà jíjìn, ariwo ọ̀kadà bẹ̀rẹ̀ sí í wá, ó ń lọ, ó ń bọ̀. Bàbá kò jókòó dáadáa mọ́. Ó ní èyí tó ń kérora yẹn gbẹ́rù, èyí tó ń han gooro yẹn ti já ẹrù sílẹ̀. Mo bi í bóyá òun náà ti ṣe fàyàwọ́ rí. Ó ní wọ́n bẹ òun títí, òun ò ṣe é, torí pé òun kò fẹ́ kí ìbọn pa òun sórí àpò ìrẹsì. Síbẹ̀, lóṣù Kẹjọ ọdún 2019 tí ìjọba ti ààlà pa, wọ́n mú òun lójú ọ̀nà oko ara òun, wọ́n sì dá òun dúró di alẹ́. Ohun tí wọ́n fi kàn án ni pé ó mọ ọ̀nà púpọ̀ jù. Ó di oṣù Kẹrin ọdún 2022 kí wọ́n tó ṣí ẹnubodè Ìdírókò padà. Láàárín àkókò yẹn, àbúrò Bàbá lóbìnrin tó wà nílé ọkọ ní Pobè, ní ilẹ̀ Benin, bímọ, ẹsẹ̀ ni Bàbá fi gba inú igbó lọ síbi ìkómọ.

Nígbà náà ló sọ èyí tí n kò lè gbàgbé. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2021, nígbà tí ìjà àgbẹ̀ àti darandaran le ní agbègbè Kétu àti Ẹ̀gùá, tí wọ́n pa ènìyàn, tí wọ́n sì sun ilé, ọ̀pọ̀ ìdílé sá wọ ilẹ̀ Benin. Bàbá ní àwọn ìyá tó gbé ọmọ pọ̀n tẹ̀ lé òun lóru, òun wà níwájú, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ tan tọ́ọ̀ṣì. Ìmọ̀ tí wọ́n torí rẹ̀ mú un náà ló fi gba ẹ̀mí àwọn ènìyàn là. Kò fọ́nnu. Ó kàn ní ọmọ kan ń wúkọ́, ẹ̀rù ikọ́ yẹn ló bà òun jù.

Ìrì pọ̀ láàárọ̀. A rin ìrìn gígùn gba ẹ̀yìn oko ẹ̀gẹ́ àti àgbàdo, a kan ibi tí wọ́n gbin igi tíìkì sí, kò jìnnà sí igbó ọba Ẹ̀gùá. Ewé tíìkì fẹ̀, bó bá gbẹ, ariwo rẹ̀ lábẹ́ ẹsẹ̀ máa ń lé ẹtu sá kí ẹ tó dé. Ọmọ ẹ̀gbọ́n Bàbá já ewé tútù kan, ó fi ra àtẹ́lẹwọ́ mi, ọwọ́ mi pọ́n bí ẹni tó fi osùn pa á. Ìjàlọ dá ọ̀nà kọjá lẹ́ẹ̀kan, a dúró dè wọ́n títí tí ìrù wọn fi tán. Bàbá ní ẹni tó bá ń kánjú ló ń fo ìjàlọ. Ní ìhà ibi tí ilẹ̀ ti ń dúdú, tó ń lẹ̀ mọ́ bàtà, a rí òpó sìmẹ́ńtì kúkúrú kan láàárín ẹ̀gẹ́ àgbẹ̀ kan. Ààlà nìyẹn. Ebè méjì wà ní Nàìjíríà, ìyókù wà ní Benin. Oṣù Kẹjọ ọdún 1889 ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé fẹnu kò lórí ìlà tó gba ibẹ̀ kọjá. Ààfin Alákétu bọ́ sọ́hùn-ún, ọ̀pọ̀ ọmọ Kétu bọ́ síbí. Mo dúró síbẹ̀ pẹ́. Inú bí mi, kí n má purọ́.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí mo ń fẹ́. Ní Olúmọ, l'Ábẹ́òkúta, amọ̀nà wà, owó ìwọlé wà. Ní Ganvié, ìlú orí omi tó wà lórí adágún Nokoué ní Benin, àwọn àlejò ń wọkọ̀ láti Abomey-Calavi, atukọ̀ ń gbowó, ó sì ń fi iṣẹ́ rẹ̀ yangàn. Lọ́dọ̀ tiwa ńkọ́? Odò wà, ọ̀nà tó dàgbà ju ààlà lọ wà, ìtàn wà, àwọn tó mọ̀ ọ́n sì wà láàyè. Mo mọ̀ pé ewu ń bẹ. Mi ò lè ní kí ẹnikẹ́ni déédéé gbéra láìbi ará ibẹ̀ léèrè. Jákẹ́ẹ̀tì tí kì í jẹ́ kí ènìyàn rì kò sí nínú ọkọ̀ kankan tí mo rí lọ́jọ́ náà àfi tiwa, àwa la sì rà á lọ. Èyí ṣeé tún ṣe. Ọmọ ẹ̀gbọ́n Bàbá, tó ti ń ronú àti ra ọ̀kadà kó lè wọ ẹgbẹ́ àwọn tó ń fi òru kẹ́rù, bi mí pé ṣé lóòótọ́ ni wọ́n ń sanwó fún amọ̀nà níbòmíràn, pé mélòó? Kí n tó dáhùn, Bàbá ní kí ó kọ́kọ́ mọ bí wọ́n ṣe ń de ìgèrè tí omi kò fi ní gbé e lọ.

Mo ti bá wọn ṣe àdéhùn pé n óò mú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ díẹ̀ wá kí odò tó fà. Bàbá gbà, ó dá iye owó, a ò sì ná an. Ohun kan ló fi kún un: kí n gba ìwé lọ́dọ̀ ọba àti ìjọba ìbílẹ̀, tí òun yóò máa fi hàn bí wọ́n bá dá wa dúró lọ́nà. Ó ní nínú ìwé yẹn, kí n kọ orúkọ òun ní kíkún, ti bàbá òun náà, kí n sì kọ iṣẹ́ òun sí i pé amọ̀nà ni òun.