Ohùn Ọlọ́jà Tí A Kò Rí

Ojú lọ̀rọ̀ wà, gẹ́gẹ́ bí àwọn àgbà ti wí. Nínú ọjà pàápàá, ojú ni oníbàárà ń wò kí ó tó fọkàn tán ọlọ́jà. Ṣùgbọ́n lóde òní, aládìrẹ kan lè jókòó sí Adigbe, ní Abẹ́òkúta, kí ó máa fi í-meèlì kọ̀wé sí àwọn oníbàárà rẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù láràárọ̀, kí ó sì tajà láìdé Ìtòkú. Kí ni yóò mú kí ẹni tí kò rí ojú rẹ̀ rí máa ka ìwé náà?

Ìbéèrè yìí kì í ṣe tuntun ní ilẹ̀ Yorùbá. Ní ọdún 1859, ní Abẹ́òkúta yìí kan náà, Henry Townsend bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ Ìwé Ìròyìn fún Àwọn Ará Ẹ̀gbá àti Yorùbá. Ọjọ́ 15 síra wọn ni ó ń jáde, owó ẹyọ 120 sì ni iye rẹ̀. Báyìí ni àwọn òǹkàwé ṣe kọ́ láti máa retí ọjọ́ ìròyìn.

Síbẹ̀, ìrètí nìkan kò tó. Isaac Babalọlá Thomas mọ èyí ní Èkó. Láàrin 1929 sí 1930, ó ń tẹ lẹ́tà obìnrin kan tí ń jẹ́ Sẹ̀gilọlá sínú ìwé ìròyìn rẹ̀, Akéde Èkó. Arẹwà ni Sẹ̀gilọlá nígbà èwe. Àìsàn wá dá a dùbúlẹ̀, ó ń fi àbámọ̀ ròyìn ìgbésí ayé rẹ̀. Àánú rẹ̀ ṣe àwọn òǹkàwé, wọ́n sì ń kọ̀wé nípa rẹ̀. Ní 1930, Thomas sọ àwọn lẹ́tà náà di ìwé.

Thomas fúnra rẹ̀ ni ó kọ wọ́n. Ọgbọ́n ni èyí nínú ìtàn àròsọ, ṣùgbọ́n ti òwò yàtọ̀. Aládìrẹ lè pa oníbàárà lẹ́rìn-ín láràárọ̀, kí ó sọ bí òjò ṣe ká aṣọ mọ́ orí okùn. Lọ́jọ́ tí oníbàárà bá fọ aṣọ, tí aró sì ṣí dànù, ẹ̀rín kò ní gbà á. Bí ó bá ti jẹ́wọ́ ṣáájú pé aró ìgbà yìí kò mú dáadáa, oníbàárà lè dúró de òmíràn.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ tí ẹ ń gbèrò òwò, ẹ máa kọ̀wé déédéé, ẹ sì jẹ́ kí ohùn inú rẹ̀ jẹ́ tiyín. Nígbà tí oníbàárà kò bá rí ojú yín, òótọ́ inú ìwé yín ni yóò máa wò.