Ààlà Oko Bàbá Mi àti Ààlà Àwọn Ará Yúróòpù

Mo ti pinnu tipẹ́ láti kọ̀wé lórí bí àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù ṣe di ohun tí wọ́n jẹ́ lónìí. Olùkọ́ ìtàn ni mí, iṣẹ́ tí mo fi ń jẹun nìyẹn. Ṣùgbọ́n bí mo ti mú kálàmù báyìí, ọ̀rọ̀ oko bàbá mi ni ó ń wá sí mi lọ́kàn. Ẹ jẹ́ kí n kúkú sọ méjèèjì pọ̀.

Ìpogun ni ìlú wa, ní ìjọba ìbílẹ̀ Ìfẹ́dọ̀rẹ́, ìpínlẹ̀ Oǹdó, kò jìnnà sí Ìlárá-Mọ̀kín. Bàbá mi àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni wọ́n jogún oko kòkó kan lọ́dọ̀ bàbá wọn. Wọ́n pín in sí méjì, wọ́n sì gbin pèrègún sí ààrin. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ tí ẹ ń kọ́ èdè wa, ẹ má ṣe ka ààlà àti ibodè sí ohun kan náà. Ààlà ni ibi tí ilẹ̀ ẹnìkan parí sí, tí ti ẹlòmíràn sì ti bẹ̀rẹ̀. Ibodè ni ẹnu ọ̀nà tí àwọn oníbodè ti ń gba owó lọ́wọ́ èrò. Pèrègún kì í gba owó lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, ó kàn dúró síbẹ̀ ni. Fún bí ogójì ọdún, kò sí ẹni tó bá a jà.

Ọ̀rọ̀ náà bẹ̀rẹ̀ láti òkè òkun. Ní ọdún 2023, Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù ṣe òfin pé kòkó tí a bá gbìn sórí ilẹ̀ tí wọ́n pa igbó rẹ̀ run lẹ́yìn ọjọ́ 31 oṣù Kejìlá ọdún 2020 kò gbọdọ̀ wọ ọjà wọn mọ́. Ẹni tó bá ń kó kòkó wọlé gbọ́dọ̀ lè tọ́ka sí ilẹ̀ tí ó ti hù. Bí oko náà bá ju hẹ́kítà 4 lọ, wọ́n gbọ́dọ̀ ya ààlà rẹ̀ yíká sórí máàpù. Wọ́n ti sún ìgbà tí òfin náà yóò bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ síwájú ju ẹ̀ẹ̀kan lọ, ṣùgbọ́n àwọn tó ń ra kòkó lọ́wọ́ wa kò dúró dè é. Wọ́n rán ọ̀dọ́mọkùnrin kan wá pẹ̀lú fóònù lọ́wọ́, pé kí a rin ààlà oko náà kí òun máa tẹ̀ lé wa.

A rìn dé ibi tí pèrègún mẹ́ta ti kú. Mo yà sí apá ọ̀tún. Ẹ̀gbọ́n mi, ìyẹn ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi, dúró gbọn-in. Ó ní, "Tíṣà, ibẹ̀ kọ́ ni ààlà." Mo ní, "Ẹ̀gbọ́n, ibí ni bàbá mi fi hàn mí." Ìlà igi kòkó mẹ́rin péré ni ó wà láàrin ọ̀rọ̀ tèmi àti tirẹ̀. Ọmọkùnrin náà pa fóònù rẹ̀, ó ní òun yóò padà wá. Oṣù márùn-ún gbáko ni èmi àti Ẹ̀gbọ́n kò fi bá ara wa sọ̀rọ̀. A pàdé níbi ìsìnkú kan, a jókòó sábẹ́ àtíbàbà ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀.

Ní àsìkò yìí gan-an ni mo ń kọ́ àwọn ọmọ ní ìtàn ìpàdé ìlú Berlin. Gbogbo yín ni ẹ ti gbọ́ nípa rẹ̀. Láti ọjọ́ 15 oṣù Kọkànlá ọdún 1884 títí di ọjọ́ 26 oṣù Kejì ọdún 1885 ni àwọn aṣojú ìjọba òyìnbó jókòó ní ilé Bismarck, tí wọ́n ń ṣe òfin bí ẹnikẹ́ni nínú wọn yóò ṣe máa gba ilẹ̀ ní Áfíríkà. Kò sí aláwọ̀ dúdú kan níbẹ̀. Ẹ sì wò ó o, Jámánì tó gba àlejò ìpàdé náà kò tíì pé ọmọ ọdún mẹ́rìnlá. Ọdún 1871 ni àwọn ọba kéékèèké ibẹ̀ tó para pọ̀ di ìjọba kan ṣoṣo. Èmi a máa rẹ́rìn-ín sí i nínú kíláàsì: ọmọdé ìjọba ń ṣòfin lórí ilẹ̀ àwọn tó ti ń jọba láti ọjọ́ pípẹ́.

Àwọn bàbá wa kò gbọ́. Ogun Kírìjì, tó bẹ̀rẹ̀ ní 1877, ni ó ká wọn mọ́ ibùdó. Ní 1886 ni Samuel Johnson àti Charles Phillips, àlùfáà ìjọ CMS ní Oǹdó, ń lọ tí wọ́n ń bọ̀ láàrin ibùdó Ìbàdàn àti ti Èkìtìparapọ̀ kí wọ́n tó tọwọ́ bọ̀wé àlàáfíà. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà, ní ọjọ́ 10 oṣù Kẹjọ ọdún 1889, Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé fọwọ́ sí ìwé mìíràn tí ó gbé Kétu àti Ṣábẹ̀ sí ọ̀dọ̀ Faransé. Kò sí ẹnìkan nínú àwọn tó fọwọ́ sí i tó rin ààlà náà pẹ̀lú àdá lọ́wọ́.

Ṣùgbọ́n ìtàn Alsace ló mú mi rò jù. Ilẹ̀ kékeré ni, ó wà láàrin Faransé àti Jámánì, Strasbourg sì ni olú ìlú rẹ̀. Ní 1871, Jámánì gbà á. Lẹ́yìn ogun àgbáyé kìn-ín-ní, ó padà sọ́wọ́ Faransé. Ní 1940, Jámánì tún gbà á. Nígbà tí ogun kejì parí, Faransé tún gbà á padà. Ẹni tí wọ́n bí níbẹ̀ ní 1865, tí ó dàgbà tí ó darúgbó, lè pààrọ̀ orílẹ̀-èdè lẹ́ẹ̀mẹ́rin láìkúrò lójúlé bàbá rẹ̀. Ẹ fojú inú wo iye èdè tí wọ́n ti fi bú u ní ilé ẹ̀kọ́!

Ní ọjọ́ 18 oṣù Kẹrin ọdún 1951, orílẹ̀-èdè mẹ́fà fọwọ́ sí àdéhùn kan ní Paris: Faransé, Ìwọ̀-oòrùn Jámánì, Ítálì, Bẹ́ljíọ̀mù, Nẹ́dálándì àti Lúsẹ́mbọ́ọ̀gì. Wọn kò sún ààlà. Èédú àti irin, ohun tí wọ́n fi ń rọ ìbọn, ni wọ́n fi sábẹ́ àkóso àjọ kan ṣoṣo. Inú èyí ni àjọ tó ṣe òfin kòkó wa ti hù jáde.

Àbúrò bàbá wa obìnrin, ẹni kan ṣoṣo tó kù nínú wọn, ni ó ránṣẹ́ pe èmi àti Ẹ̀gbọ́n. Ìyá kò kọ́kọ́ dá sí ọ̀rọ̀ oko. Ó bi mí pé, "Tíṣà, àwọn òyìnbó tí o ń kọ́ àwọn ọmọ nípa wọn, ṣé àwọn kì í jà sí ilẹ̀ ni?" Mo ní, "Wọ́n ń jà, Ìyá. Wọ́n jà ju wa lọ." Mo sọ ìtàn Alsace, mo sọ ti èédú. Ó dákẹ́ díẹ̀. Ó wá béèrè pé, "Kí ni ọmọ tó ní fóònù yẹn fẹ́ fi ààlà àárín ṣe? Ṣé kò lè rin ẹ̀yìn oko yíká ni? Oko bàbá mi kan náà kọ́ ni?"

Bẹ́ẹ̀ ni a ṣe. Ọmọkùnrin náà padà wá, Ẹ̀gbọ́n síwájú pẹ̀lú àdá, ó ń la ọ̀nà. Èmi tẹ̀ lé e. Hẹ́kítà 6 ó lé díẹ̀ ni fóònù náà kà, orúkọ bàbá àgbà wa ni a sì fi sí i. Kòkó orí ìlà mẹ́rin náà di ti Ìyá. Ní ìkórè tó kọjá, àpò kan ààbọ̀ ni.

Nígbà tí a ń wọ̀n ọ́n, Ẹ̀gbọ́n yí sí mi. "Tíṣà, àwọn tó para pọ̀ yẹn, ṣé ẹnikẹ́ni ti jáde níbẹ̀ rí?"

Mo sọ fún un pé Gẹ̀ẹ́sì dìbò ní 2016, ó sì jáde ní ọjọ́ 31 oṣù Kìn-ín-ní ọdún 2020.

Ó mi orí, ó sì gbé àpò kejì sórí òṣùwọ̀n.