Ìyá Rainbow àti Ìyá Fọ́tò

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ dàgbà sídìí fíìmù Yorùbá, ẹ mọ Ìyá Rainbow. Ẹ mọ ohùn yẹn. Ẹ mọ gèlè yẹn, bó ṣe máa ń yẹ̀ lórí wọn nígbà tí wàhálà bá dé, tí wọ́n á káwọ́ lérí, tí wọ́n á sì máa pe orí ọmọ wọn. Àmọ́ ẹ bi àwọn ọ̀rẹ́ yín pé Rainbow wo là ń sọ gan-an. Ẹnì kan á ní orúkọ inú eré ni. Ẹlòmíràn á ní bóyá wọ́n ní ṣọ́ọ̀bù kan tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ nígbà kan rí. Rárá o. Òṣùmàrè ni Rainbow, Òṣùmàrè sì ni orúkọ ẹgbẹ́ tíátà tí ọkọ wọn, olóògbé Fẹ́mi Philips, dá sílẹ̀.

Ìdòwú Philips ni orúkọ Màmá. Ìjẹ̀bú-Òde níbí ni wọ́n ti bí wọn, lọ́jọ́ 16 oṣù kẹwàá ọdún 1942. Mi ò tíì gbọ́ kí ẹnikẹ́ni fi èyí yangàn ládùúgbò wa rí, bẹ́ẹ̀ àwa Ìjẹ̀bú mọ yangàn ṣe! Gààrí wa, ìkọ́kọrẹ́ wa, Òjúde Ọba wa. Tó bá ti kan ọ̀rọ̀ eré, Hubert Ògúndé lẹnu wa máa ń lọ sí, ó sì tọ́, torí Òsósà tí wọ́n ti wá kò jìnnà sí wa. Àwọn ni wọ́n gbé eré lọ sí Glover Hall l'Ékòó ní 1944, àwọn ni wọ́n ṣe Yorùbá Ronú tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn fi fòfin de ẹgbẹ́ wọn ní 1964. Ẹni ńlá ni wọ́n. Ṣùgbọ́n ẹni ńlá nìkan kọ́ ló ń ṣeré.

Fẹ́mi Philips ti wà lọ́dọ̀ Ògúndé rí kí Òṣùmàrè tó wà. Bí iṣẹ́ náà ṣe ń rìn nìyẹn nígbà náà. Ẹni tó ń kọ́ṣẹ́ á wà lábẹ́ ọ̀gá, á kọ́ ìlù, á kọ́ orin, á ru pákó ìtàgé, á sun ẹ̀yìn ọkọ̀. Tó bá yá, á lọ dá tirẹ̀ sílẹ̀, bíi télọ̀ tó ti gba fúrídọ̀mù. Nígbà tó fi máa di nǹkan bí 1980, irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ ti lé ní 100 nílẹ̀ Yorùbá. Ọkọ̀ wọn á wọ ìlú lọ́sàn-án, wọ́n á máa fi ẹ̀rọ gbohùngbohùn kéde kiri; tó bá dalẹ́, eré á bẹ̀rẹ̀ ní gbọ̀ngàn ìlú tàbí nínú iyàrá ìkàwé tí wọ́n ti kó bẹ́ǹṣì jọ sí. Lọ́pọ̀ ẹgbẹ́, ìyàwó ọ̀gá ló ń gba owó lẹ́nu ọ̀nà, òun ló ń se oúnjẹ tí àwọn òṣèré ń jẹ, òun náà ló tún máa gun orí ìtàgé tó bá kàn án. Ṣùgbọ́n tẹ́ ẹ bá wo pátákó ìpolówó, orúkọ ọ̀gá ló wà níbẹ̀.

Màmá kò sì fi eré nìkan ṣe iṣẹ́ látilẹ̀wá o. Wọ́n ṣiṣẹ́ nílé ìwòsàn ìjọba fún ọdún mélòó kan, nọ́ọ̀sì ló wù wọ́n láti dà. Ẹ̀yìn ikú ọkọ wọn ni wọ́n wá gbájú mọ́ eré pátápátá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dúró díẹ̀ níbí, torí àwọn tó ń sọ ìtàn òṣèré máa ń sáré kọjá gbólóhùn yìí bí ẹni ń kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ itẹ́ òkú. Obìnrin kan di opó. Iṣẹ́ tí ọkọ rẹ̀ fi sílẹ̀ ló dì mú, iṣẹ́ náà sì gba orúkọ mọ́ ọn lọ́wọ́, ó fi tirẹ̀ rọ́pò.

Mo mọ díẹ̀ nínú èyí nítorí ìyá mi. Fọ́tò ni bàbá mi ń yà, wọ́n ní ṣọ́ọ̀bù ní Fọlágbadé. JSS2 ni mo wà nígbà tí wọ́n kú. Aránṣọ ni màmá mi. Àwọn ẹbí ní kí wọ́n ta kámẹ́rà méjèèjì, kí wọ́n fi owó rẹ̀ ra máṣíìnì tuntun, ìmọ̀ràn náà kò sì burú. Màmá mi ò tà á. Ọmọ ẹ̀kọ́ṣẹ́ bàbá mi tó kéré jù, ọmọkùnrin tó máa ń jẹun nílé wa, òun ló kọ́ wọn bí wọ́n ṣe ń di kámẹ́rà mú. Ọdún kejì, wọ́n gbé e lọ sí Òjúde Ọba, lọ́jọ́ kẹta ọdún Iléyá, wọ́n wà láàárín àwọn ọkùnrin tó ń du ààyè níwájú àwọn ẹlẹ́ṣin. Fọ́tò ọjọ́ náà kò dáa tó. Ẹsẹ̀ ẹṣin pọ̀ níbẹ̀ ju ojú èèyàn lọ. Wọ́n tún lọ lọ́dún tó tẹ̀ lé e.

"Ìyá Fọ́tò" ni gbogbo àdúgbò ń pè wọ́n báyìí. Mo bi wọ́n lẹ́ẹ̀kan bóyá kò dùn wọ́n pé kò sẹ́ni tó ń pe orúkọ àbísọ wọn mọ́. Wọ́n ní, "Orúkọ tó ń mówó wálé, kí ni mo fẹ́ bá a jà sí?"

Ẹ jẹ́ ká padà sórí eré. Irú òṣèré tí Màmá jẹ́, kì í ṣe irú èyí tí ìtàn ń dá lé lórí. Ọmọ ti jalè, ọkọ ti lé ìyàwó jáde, nígbà náà ni wọ́n á ránṣẹ́ pe ìyá. Ìyá ọkọ tó le, ìyá aládùúrà, ìyá àgbà lábúlé, àjẹ́ pàápàá. Ìṣẹ́jú márùn-ún, ó parí. Wọ́n lè má fún un lórúkọ kankan ju "Ìyá Àkànní" lọ. Gbogbo ayé ni irú òṣèré báyìí wà. Orlando Martins, ọmọ Èkó tí wọ́n bí ní 1899, lọ ṣe tíátà àti fíìmù ní Lọ́ńdọ̀nù. Nínú The Hasty Heart, ní 1949, òun ni Blossom, sójà Áfíríkà tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ronald Reagan, tó padà di ààrẹ Amẹ́ríkà, wà nínú fíìmù kan náà, òun rí ọ̀rọ̀ sọ rẹpẹtẹ. Ojú àti ara lásán ni Martins ní. Ẹ wò ó, kẹ́ ẹ wá sọ fún mi ta lẹ rántí.

Ti Màmá, ohùn ni. Ohùn ẹni tó kọ́ eré kó tó di pé wọ́n ń gbé maikirofóònù sí wa lọ́rùn, nígbà tí ẹni tó jókòó sórí bẹ́ǹṣì tó kẹ́yìn náà sanwó, tó sì gbọ́dọ̀ gbọ́. Àwọn ọmọ ìsinsìnyí máa ń fi irú ìṣeré yẹn ṣe yẹ̀yẹ́ lórí TikTok, wọ́n ní ó ti pọ̀ jù. Èmi ò rò bẹ́ẹ̀. Ìyá tí wọ́n mú ọmọ rẹ̀ lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá, báwo ló ṣe yẹ kó sunkún? Kó máa rọra fi áńkáṣíìfù nu ojú bí?

Nígbà tí náírà bẹ̀rẹ̀ sí í já ní 1986, apá ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ kò ká owó fíìmù sinimá mọ́. Fídíò ló gbà á lọ́wọ́ wọn. Láti ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1990 làwọn ìyá tó ti inú tíátà jáde ti di ìyá gbogbo wa nínú pálọ̀. Ẹgbẹ́ ti tú, ọkọ̀ ti jẹrà, Rainbow ṣì wà nínú orúkọ obìnrin kan tó ti lé ní 80 ọdún.

Ohun tó ń dùn mí nìyí. Eré orí ìtàgé, tó bá ti tán lálẹ́ ọjọ́ náà, ó tán. Bàbá mi ní páálí kan tó kún fún Atọ́ka, ìwé ìròyìn tí wọ́n máa ń ya àwọn ẹgbẹ́ tíátà ní fọ́tò níbi tí wọ́n ti ń ṣeré, tí wọ́n á kọ ọ̀rọ̀ sí wọn lẹ́nu, títí eré á fi parí. Iṣẹ́ fọ́tò ló jẹ́ kí wọ́n fẹ́ràn rẹ̀. Mo ti tú páálí náà lẹ́ẹ̀mejì, èmi àti màmá mi, mi ò rí Òṣùmàrè níbẹ̀. Tí irú páálí bẹ́ẹ̀ bá wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì ìyá àgbà yín, ẹ jọ̀ọ́, kí wọ́n tó fi di àkàrà, ẹ bá mi yẹ̀ ẹ́ wò.