Ẹja Tí Ó Gbé Fìtílà Sí Abẹ́ Ojú: Ìrìn Àjò Sí Àwọn Erékùṣù Banda

Ta ni nínú wa tí kò tíì sáré lé tannátanná rí ní àṣálẹ́ nígbà èwe rẹ̀, tí kò sì ká a mọ́ àtẹ́lẹwọ́ láti wo iná tí kì í jó ni? Lónìí a ó lọ sí ọ̀nà jíjìn, níbi tí irú iná bẹ́ẹ̀ gbé ń tàn nínú òkun, lójú ẹja. Kí bàbá fa àtùpà súnmọ́ tòsí, kí ìyá pe àwọn ọmọ jọ, kí a sì jùmọ̀ lọ.

Banda ni orúkọ ibẹ̀. Erékùṣù kéékèèké bíi mẹ́wàá ni, ní àárín òkun ńlá, ní ìhà ìlà-oòrùn orílẹ̀-èdè Indonéṣíà. Ẹni tí ó bá gba ojú omi dé èbúté Banda Neira yóò rí òkè kan tí ó dá dúró gedegbe, tí gíga rẹ̀ ju 600 mítà lọ. Gunung Api ni wọ́n ń pè é, èyí tí í ṣe Òkè Iná, orúkọ náà sì bá a mu. Nítorí ní 1988 ó bú gbàmù, àpáta yíyọ́ sì ṣàn láti ara rẹ̀ wọ inú òkun. Ní òdìkejì omi ni odi ológun àtijọ́ tí à ń pè ní Belgica wà, èyí tí àwọn ará Hólándì mọ. Ní àwọn oko ibẹ̀ ni igi nọ́tímẹ́gì wà lábẹ́ òjìji àwọn igi gíga, èso olóòórùn dídùn nì tí àwọn ìyá ń rin sínú ìyẹ̀fun àkàrà òyìnbó.

Ẹ má ṣe fi ojú kékeré wo èso yìí. Ní ìgbà kan rí, Banda nìkan ni gbogbo ayé ti ń rí i rà. Nítorí rẹ̀ ni Jan Pieterszoon Coen, olórí àwọn oníṣòwò Hólándì, fi kó ogun wá ní 1621. Wọ́n pa ọ̀pọ̀ nínú àwọn onílẹ̀, ebi pa òmíràn kú, wọ́n sì kó òmíràn lẹ́rú. Nínú nǹkan bí 15,000 ènìyàn, a fi ojú bù ú pé bí 1,000 péré ni ó ṣẹ́ kù sí ilẹ̀ náà. Ẹrú tí a kó ti ibòmíràn wá ni ó sì ń ro oko lẹ́yìn wọn. Àwa tí a mọ ohun tí òwò ẹrú ṣe ní etíkun tiwa kò nílò kí ẹnikẹ́ni túmọ̀ èyí fún wa.

Nísinsìnyí, jẹ́ kí ilẹ̀ ṣú. Yan òru tí òṣùpá kò sí, kí o sì wo inú omi. Ìwọ yóò rí iná aláwọ̀ búlúù bí ẹni dà á pọ̀ mọ́ ewé tútù. Yóò tàn, yóò kú, yóò tún tàn, ọ̀pọ̀lọpọ̀ lójú kan, bí ìgbà tí èrò ọjà gbé fìtílà lọ́wọ́ tí wọ́n ń gba àárín igbó kọjá. Leweri ni àwọn ará Banda ń pe ẹja náà. Ní ọ̀sán, inú ihò àpáta ni ó ń sá pamọ́ sí. Òkùnkùn ni ó ń pè é jáde.

Oríṣi méjì ni. Ìkíní ń rìn ní ọ̀wọ́, bí ó bá sì fẹ́ pa iná rẹ̀, a yí fìtílà náà sí inú, kí ẹ̀yìn rẹ̀ dúdú lè kọjú síta. Èkejì, leweri batu, tí í ṣe leweri òkúta, kì í jìnnà sí ihò rẹ̀; òun ní awọ dúdú kan tí ó ń fà sókè bo iná náà, bí ẹni fa aṣọ bo fèrèsé. Iná yìí ni wọ́n fi ń wá oúnjẹ, òun ni wọ́n sì fi ń bá ara wọn sọ̀rọ̀.

Ṣùgbọ́n ìyanu tí ó tóbi jù ni pé ìmọ́lẹ̀ náà kì í ṣe ti ẹja. Ní 1922 ni Ọ̀jọ̀gbọ́n E. Newton Harvey ti Amẹ́ríkà, ẹni tí ó lọ sí Banda láti wádìí rẹ̀, tẹ ìwé jáde pé àwọn bakitéríà, ohun alààyè tí ojú lásán kò lè rí, ni ó ń tàn nínú àpò kékeré abẹ́ ojú rẹ̀. Àlejò ni wọ́n. Ẹja fún wọn ní ilé, ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń gbé oúnjẹ tọ̀ wọ́n lọ. Àwọn náà sì ń tàn tọ̀sán-tòru láì sinmi. Bí ebi bá pa ẹja náà pẹ́, ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ a máa rẹ̀yìn, títí yóò fi kú.

Àwọn àrìnrìn-àjò àtijọ́ ròyìn pé àwọn apẹja Banda a máa gé àpò ìmọ́lẹ̀ yìí kúrò lára ẹja, wọn a so ó mọ́ ìwọ̀, a sì máa tàn fún ọ̀pọ̀ wákàtí nínú omi, kí ẹja mìíràn lè wá gbé e mì. Èmi kò dá apẹja tí ń wá oúnjẹ òòjọ́ lẹ́bi. Síbẹ̀ mo rántí èso nọ́tímẹ́gì. Ohun tí ó mú kí Banda níyì lójú ayé, òun náà ni ó fa ogun wá bá a. Ohun tí ó sì mú kí leweri ríran, òun ni a gé láti fi pa àwọn ẹja yòókù.

Nítorí náà, bí àwọn ọmọ bá bi yín lálẹ́ òní pé níbo ni ẹja náà ti rí iná, ẹ sọ fún wọn pé àlejò tí ó ń bọ́ ni ó ń tan án fún un. Bí wọ́n bá sì tún mú tannátanná, ẹ jẹ́ kí wọ́n wò ó tán, kí wọ́n ṣí ọwọ́, kí ó máa fò lọ.