Òjóró Nínú Eré Ọmọdé

Ẹ̀yin abiyamọ, bí ọmọ yín bá ní géèmù alágbèéká, ẹ máa bojú wo bí ó ti ń ta á. Ní àgbàlá wa ní Ìsàlẹ̀ Èkó, àwọn ọmọ a máa gbé ọ̀kan yí ká láti fi díje. Ọmọkùnrin mi ń borí lójoojúmọ́. Àṣé kóòdù kan ni ó ń tẹ̀ níkọ̀kọ̀, tí kì í jẹ́ kí ẹ̀mí rẹ̀ tán nínú eré.

N kò nà án. Kì í ṣe gbogbo kóòdù ni òjóró. Ní 1986, Kazuhisa Hashimoto, òṣìṣẹ́ Konami ní Japan, fi ọ̀kan sínú eré Gradius, nítorí pé eré náà le jù fún un nígbà tí ó ń dán an wò. Ẹni tí ó ń dá ṣeré kò rẹ́ ẹnikẹ́ni jẹ. Ṣùgbọ́n nínú ìdíje, olè ni.

Mo gbé ọpọ́n ayò kalẹ̀, ihò 12, ọmọ ayò 48. Mo bi í pé: "Bí mo bá fi ọmọ ayò mẹ́rin pamọ́ sídìí aṣọ, ṣé mo borí?" Ó ní rárá.

Ẹ má sì jẹ́ kí wọ́n tú inú ẹ̀rọ náà láti yí i padà: ó lè bàjẹ́ pátápátá, Nintendo sì lè ti irú Switch bẹ́ẹ̀ mọ́ ẹ̀yìn íntánẹ́ẹ̀tì rẹ̀. Ju gbogbo rẹ̀ lọ, ọmọ tí kò lè gba àyò lónìí, ó lè gbé òjóró wọ gbọ̀ngàn ìdánwò lọ́la.