Ẹni Tí Yóò Ka Orúkọ Àwọn Ọba

Adé nìkan kọ́ ni ó ń sọ ènìyàn di ọba. Ó yẹ kí ẹnìkan dìde lójú gbogbo ìlú, kí ó ka orúkọ àwọn tí ó ti jẹ ṣáájú, kí ọba tuntun lè mọ ẹ̀yìn ẹni tí òun dúró sí. Ní Kétu, Baba Ẹlẹ́gùn ni iṣẹ́ yìí wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ìdílé kan ni ó ni oyè náà. Ẹni tí ó bá jẹ ẹ́ kò gbọdọ̀ gbójú lé ìwé. Orí rẹ̀ ni ìtàn ìlú gbọdọ̀ wà. Nígbà tí Alákétu tuntun bá gorí ìtẹ́, ẹnu Baba Ẹlẹ́gùn ni ìlú ti ń gbọ́ bí Kétu ṣe dé ibi tí ó dé.

Ọ̀rọ̀ yìí kò jìnnà sí Tatonnonkon. Ọ̀kan nínú àwọn ẹkùn mẹ́fà tí ó para pọ̀ di Adja-Ouèrè ni Tatonnonkon jẹ́. Kétu wà ní àríwá Adja-Ouèrè, Pọ́bẹ̀ ní ìlà-oòrùn, Sákétẹ́ ní gúúsù. Èdè Nàgó àti èdè Fọ̀n ń pàdé ní ọjà àgbègbè náà, èdè Faransé sì ni ọmọ fi ń kàwé. Ohun tí ó bá wà lẹ́nu àgbà nìkan, tí kò sí nínú ìwé ọmọ, ọwọ́ ẹni tí ó bá fẹ́ kọ́ ọ ni ó kù sí. Àwọn baba mọ èyí, ni wọ́n ṣe ní bí ọmọdé kò bá bá ìtàn, yóò bá àrọ́bá, àrọ́bá sì ni baba ìtàn. Ṣùgbọ́n àrọ́bá pàápàá kò lè rọ́ ara rẹ̀.

Ní ọdún 1886, ọmọ ogun Dahomey fọ́ Kétu, wọ́n kó àwọn ará ìlú lẹ́rú, ìlú sì di ahoro. Lẹ́yìn tí àwọn Faransé ṣẹ́gun Béhanzin, ọba Dahomey, àwọn tí ó kù padà sílé, wọ́n tún ìlú tẹ̀ dó, wọ́n sì tún fi ọba jẹ. Ilé ti wó, ṣùgbọ́n orúkọ àwọn ọba kò bá a wó. Nígbà tí Parrinder tẹ ìwé rẹ̀ lórí ìtàn Kétu jáde ní ọdún 1956, àwọn orúkọ náà ṣì wà fún un láti kọ sílẹ̀. Ohun tí ènìyàn bá há sórí, ogun kò lè gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ níwọ̀n ìgbà tí ó bá wà láàyè.

Kì í ṣe ilẹ̀ Yorùbá nìkan ni a ti ń fi ohùn gbé ọba gorí ìtẹ́. Ní òkè ilẹ̀ Bìrìtìkó, ní Skọ́tlándì, ìtàn kan wà tí ọmọ Kétu yóò dá mọ̀ lójú ẹsẹ̀. Ní ọjọ́ 13 oṣù Keje ọdún 1249, wọ́n fi Alexander Kẹta jọba ní Scone. Ọmọ náà kò tíì pé ọdún mẹ́jọ. Bí ayẹyẹ ti ń lọ, bàbá àgbàlagbà kan láti agbègbè òkè ńlá jáde síwájú, ó kúnlẹ̀, ó kí ọba ní èdè Gaelic, ó sì ka ìran rẹ̀ láti ọ̀dọ̀ baba dé ọ̀dọ̀ baba ńlá, títí dé ọ̀dọ̀ àwọn tí ìtàn sọ pé àwọn ni ó tẹ ilẹ̀ náà dó. Ní ìgbà yẹn, Látìn ni èdè ìjọ, èdè Faransé sì ti wọ àárín àwọn ìjòyè dáadáa. Síbẹ̀, nígbà tí ó di ọ̀rọ̀ ẹni tí ọba jẹ́, èdè àwọn baba ni wọ́n fi sọ ọ́.

Láàárín àwọn tí ń sọ Gaelic, akéwì àti oní-dùùrù jọ ń ṣiṣẹ́ ni: ọ̀kan kọ ewì ìyìn olóyè, èkejì ń ta okùn dùùrù sí i. Ní òpin ọ̀rúndún kejìlá, Gerald ará Wales kọ ọ́ pé lójú ọ̀pọ̀ ènìyàn, Skọ́tlándì ti ta Ireland tí ó kọ́ ọ ní orin yọ. Dùùrù kan tí wọ́n ń pè ní dùùrù Queen Mary, tí wọ́n gbẹ́ ní nǹkan bí ọ̀rúndún karùn-ún-dín-lógún, wà ní ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé-sí ní Edinburgh. Igi rẹ̀ ṣì dára, ọnà ara rẹ̀ ṣì hàn. Ṣùgbọ́n orin tí àwọn tí ó kọ́kọ́ ni í ń ta lórí rẹ̀ ti bọ́ sọnù, nítorí kò sí ẹni tí ó kọ ọ́ sílẹ̀ nígbà náà, ọwọ́ tí ó mọ̀ ọ́n sì ti kú.

Orin ìjọ kò rí bẹ́ẹ̀. Ní nǹkan bí ọdún 1340, àwọn mọ́ńkì erékùṣù Inchcolm kọ orin tí wọ́n ń kọ fún Columba Mímọ́ sínú ìwé pẹ̀lú àmì ohùn rẹ̀. Ojú ewé díẹ̀ ló ṣẹ́kù, àwọn akọrin òde òní sì ti kọ ọ́ jáde. Ẹni tí ó bá gbọ́ èyí lè yára sọ pé, ṣé ìwé ni oògùn rẹ̀ nìyẹn.

Ìwé dára, ṣùgbọ́n òun nìkan kọ́. Ohun tí ó pa ẹnu àwọn akéwì ni pé wọ́n gba ilé olóyè lọ́wọ́ wọn. Ní ọdún 1609, ìjọba James Kẹfà mú kí àwọn olóyè erékùṣù ìwọ̀-oòrùn fọwọ́ sí òfin Iona. Òfin náà ní kí wọ́n máa rán àrólé wọn lọ kọ́ èdè Gẹ̀ẹ́sì, kí wọ́n sì lé àwọn akéwì tí ń rìn kiri. Bí ọmọ olóyè kò bá gbọ́ ewì mọ́, ta ni yóò bọ́ akéwì? Bí akéwì kò bá jẹun, ta ni yóò fi ọmọ rẹ̀ sí i lọ́wọ́?

Fèrè alápò awọ rí ọ̀nà mìíràn gbà. Àwọn ìdílé afunfèrè, bí àwọn MacCrimmon ti erékùṣù Skye, ń fi ẹnu kọ orin náà fún ọmọ, sílébù kan fún ohùn kan, gẹ́gẹ́ bí ọmọ Àyàn ti ń fi ẹnu pe ìlù kí ó tó gbá ọ̀pá mọ́ ọn. Canntaireachd ni wọ́n ń pe ẹ̀kọ́ yìí. Ní ọdún 1797, Colin Campbell kọ àwọn sílébù náà sínú ìwé. Ìwé náà wúlò nítorí pé olùkọ́ àti ọmọ ẹ̀kọ́ kò tíì tán. Títí di òní, ẹnu ni ọ̀pọ̀ ń gbà kọ́ ọ.

Ẹ̀kọ́ yìí ni ó kan Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Ní ọdún 2001, UNESCO kéde rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ àrà ọmọ ènìyàn. Ní ọdún 2008, ó wọ ìwé àkọsílẹ̀ àjọ náà lórúkọ Benin, Nàìjíríà àti Togo. Iyì ńlá ni. Ṣùgbọ́n ìwé àkọsílẹ̀ kò lè kọ́ ọmọ kan ní orin Ẹ̀fẹ̀ kan. Ẹni tí ó mọ̀ ọ́n ni yóò kọ́ ọ, ní alẹ́, títí ọmọ yóò fi mọ ibi tí ohùn ti ń lọ sókè àti ibi tí ìlù ti ń dá a lóhùn. Fídíò tí kò ní ọmọ ẹ̀kọ́ lẹ́yìn dà bí dùùrù inú gíláàsì.

Àwọn ọmọ ilẹ̀ yìí tí ó wà ní Cotonou, ní Èkó, ní Paris, máa ń dá owó nígbà ọdún àti ìwúyè. Owó náà ń di àgọ́, aṣọ ẹgbẹ́ àti ẹ̀rọ gbohùn-gbohùn, ó sì yẹ bẹ́ẹ̀, nítorí ayẹyẹ kì í ṣe ohun ìtìjú. Ṣùgbọ́n ẹni tí ìtàn ìdílé wà lórí rẹ̀, oko ni ó ti ń jẹun. Ọmọ rẹ̀ ń wá iṣẹ́ lọ sí ìlú ńlá bí ọmọ gbogbo ènìyàn, kò sì sí ẹni tí ó lè bá a wí. Iṣẹ́ tí kò bọ́ni kì í rí ọmọ ẹ̀kọ́. Bí díẹ̀ nínú owó ọdún bá ń bọ́ sọ́wọ́ àgbà kan àti ọmọ kan tí ń kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀, kí ìwé àti gbígba ohùn sílẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ìlú á ti ṣe ju àwọn olóyè Skọ́tlándì lọ. Àwọn kan á ní ìtàn ìdílé kì í ṣe ti gbogbo etí. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n àṣírí pàápàá nílò àrólé kan.

Ní ọdún 1296, Edward Kìíní, ọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kó òkúta ìjọba Scone lọ. Ní ọdún 1996, wọ́n dá a padà sí Skọ́tlándì; láti ọdún 2024 ni ó wà ní Perth, nítòsí Scone fúnra rẹ̀. Ọdún 700 kò jẹ òkúta náà run. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ó lè dá ohùn bàbá àgbàlagbà ọdún 1249 padà, bí ó ṣe gbé e àti ibi tí ó ti dúró mí. Nígbà tí ìlú kan ní àgbègbè Adja-Ouèrè bá tún fi ọba jẹ, ẹni tí yóò dìde ka orúkọ àwọn baba gbọdọ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ọ kí ọjọ́ náà tó dé.